Paprika tí mo rà láti fi se gúláàṣì

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ bá fẹ́ se gúláàṣì, ọbẹ̀ ẹran màlúù àwọn ará Czech yẹn, ẹ ṣọ́ra fún paprika (ata pupa gbígbẹ tí wọ́n lọ̀) ṣọ́ọ̀bù kan ní Panṣẹ́kẹ́, l'Abẹ́òkúta o, mi ò ní dárúkọ wọn. Mo ṣí i nílé, kò rùn rárá, ó kàn pupa lásán bí iyẹ̀pẹ̀ ojú títì.

Ẹran tí mo rà ní Kútọ̀ ló kó mi yọ. Mo ní kí alápatà bá mi gé ibi ẹsẹ̀ tó níṣan, kílò 1, àlùbọ́sà náà sì fẹ́rẹ̀ẹ́ tó bẹ́ẹ̀, torí òun ló ń mú ọbẹ̀ yìí ki. Mo dín in títí tó fi pọ́n, mo gbé ìkòkò kúrò lórí iná kí n tó da paprika sí i (tó bá jó, ó ti korò nìyẹn), mo wá fi í sílẹ̀ lórí iná jẹ́jẹ́ fún wákàtí 2.

Knedlíky tí wọ́n fi ń jẹ ẹ́ ò le: fúláwà, yíìsì, mílíìkì, ẹyin àti búrẹ́dì tó ti gbẹ téèyàn gé wẹ́wẹ́, ẹ pò ó, kó wú, ẹ yí i gbọọrọ, ẹ bọ̀ ọ́ fún bí ìṣẹ́jú 20. Òwú ni mo fi gé e, ọ̀bẹ máa ń tẹ̀ ẹ́ pẹlẹbẹ. Màmá mi ní ṣé mọ́ínmọ́ín rèé àbí búrẹ́dì, wọ́n ṣáà bù ú lẹ́ẹ̀mejì.

Mo dá paprika padà lọ́jọ́ kejì, ọmọ ṣọ́ọ̀bù ní àwọn kì í gbà á padà.