Frankenstein ti ọdún 2011: ta ni yóò ṣe ẹ̀dá náà?

Kí ẹ tó ra tíkẹ́ẹ̀tì Frankenstein tí wọ́n fi kámẹ́rà ká sílẹ̀ ní National Theatre, Lọ́ńdọ̀nù, lọ́dún 2011, ẹ béèrè èwo ni wọ́n fẹ́ fi hàn. Méjì ló wà. Danny Boyle ló darí eré náà, ó sì jẹ́ kí Benedict Cumberbatch àti Jonny Lee Miller máa pààrọ̀ ipò: ẹni tó ṣe Victor Frankenstein, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì inú ìtàn náà, lónìí lè di ẹ̀dá tí Victor dá lọ́la.

Nọ́ọ̀sì ni mí. Àwọn tí rọpárọsẹ̀ kọlù ni mò ń tọ́jú. Nígbà tí Cumberbatch bọ́ jáde látinú awọ tí wọ́n nà bí ilé ọmọ, ara mi bù máṣọ. Mo mọ ìrìn yẹn. Ọwọ́ á fẹ́ lọ, èjìká á kọ̀. Gílóòbù tó lé ní 3,000 ń kọ mànà lókè orí rẹ̀, kò sì sí ẹni tó ń sọ̀rọ̀. Ọmọ ọwọ́ ni Miller ní tiẹ̀: ó ń tutọ́, inú rẹ̀ ń dùn sí koríko.

Nínú fíìmù James Whale ti 1931, ẹ̀dá tí Boris Karloff ṣe kò lè sọ̀rọ̀, ọpọlọ ọ̀daràn ni wọ́n sì fi sí i lórí. Ẹ̀tàn ni mo ka ìyẹn sí! Kò sí ọpọlọ ọ̀daràn nínú ìwé Mary Shelley ti 1818, níbi tí ìtàn náà ti wá. Victor rí iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀, ó sá. Kò tiẹ̀ sọ ọ́ lórúkọ. (Ní wọ́ọ̀dù wa, a kì í fa ẹ̀jẹ̀ ẹnikẹ́ni láìkọ́kọ́ béèrè orúkọ rẹ̀.) Eré yìí dá ohùn ẹ̀dá náà padà. De Lacey, bàbá afọ́jú, kọ́ ọ níwèé débi pé ó ń ka Milton, akéwì Gẹ̀ẹ́sì. Ẹ̀dá náà wá bi Victor pé kí ló dé tó fi dá òun. Victor ní kí òun lè fi hàn pé òun lè ṣe é ni. Níbẹ̀ ni Miller ti borí: ìbínú ọmọ tí bàbá kọ̀ ló bẹ́ lẹ́nu rẹ̀, ti Cumberbatch dà bí àròyé agbẹjọ́rò.

Àwọn ìran ilé Victor ni kò dùn. Wọ́n ń sọ̀rọ̀ bí ẹni ń ka ìkéde. Ẹ má mú ọmọdé dání, nítorí ohun tó ṣẹlẹ̀ sí Elizabeth, ìyàwó Victor, lálẹ́ ìgbéyàwó. Bí owó tíkẹ́ẹ̀tì kan ṣoṣo lẹ bá ní, èyí tí Miller ti ṣe ẹ̀dá ni kí ẹ lọ wò.