Dọ́là 40 péré ni bàbá yìí fi tú bóòtì ìbọn mi sílẹ̀

Ẹ má bínú, ó máa gùn díẹ̀. Ọ̀pọ̀ yín lẹ ti ń bi mí pé ṣé mo ti ta ìbọn Rọ́ṣíà yẹn dànù ni àbí mo ṣì ń fi òòlù rọ́bà lù ú kó tó ṣí. Mi ò tà á o. Mo gbé e lọ bá bàbá òyìnbó kan tó ń tún ìbọn ṣe lẹ́yìn ilé ẹ̀, lápá àríwá Houston níbí, téèyàn bá ń lọ sí Conroe, iṣẹ́ tó ṣe fún mi ni mo fẹ́ sọ, pẹ̀lú ibi tó ti bí mi nínú. Mi ò ní kọ orúkọ ẹ̀ torí òun fúnra ẹ̀ ní òun ò fẹ́ kóun máa rí orúkọ òun lórí íntánẹ́ẹ̀tì.

Fún ẹni tí ò mọ irú ìbọn tí mò ń sọ, Mosin-Nagant ni. Látọdún 1891 làwọn Rọ́ṣíà ti ń fi irú ẹ̀ jagun, tèmi yìí ni wọ́n ń pè ní 91/30, ọta 5 ló ń gbé, ó sì gùn débi pé tí mo bá gbé e nàró ó dé mi láyà. Nígbà tógun parí tí wọn ò lò ó mọ́, wọ́n fi gírísì kan tó nípọn bí òrí kùn ún tinú tòde kó má baà dógùn-ún, cosmoline lorúkọ gírísì yẹn, wọ́n wá tò wọ́n sínú àpótí fún ọ̀pọ̀ ọdún kí wọ́n tó kó wọn wá tà ní Amẹ́ríkà lówó pọ́ọ́kú. Ẹ̀gbọ́n kan ní ṣọ́ọ̀ṣì wa ló rà á nígbà yẹn, ọwọ́ ẹ̀ lèmi náà ti rà á, òun ni mo fi ń dẹ àgbọ̀nrín.

Bóòtì tí mò ń pè yìí kì í ṣe ti nọ́ọ̀tì àti bóòtì tí mẹkáníìkì ń tú o. Irin gbọọrọ tó wà lẹ́yìn ìbọn ni, ó ní ọwọ́ lára, wàá gbé ọwọ́ yẹn sókè, wàá fà á sẹ́yìn, èèpo ọta tó o ti yìn á fò jáde, o wá tì í síwájú, ọta tuntun á wọlé. Ìṣòro tèmi ni pé tí mo bá yìn bí ìgbà mẹ́fà méje, ọwọ́ yẹn ò ní gbéra mọ́. Á kàn le gbagidi.

Ọjọ́ tó dùn mí jù, orí ẹ̀gùn ni mo wà, ilẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń mọ́. Láàárọ̀ yẹn mo ti kọ́kọ́ yìn ọta bíi mélòó kan sí pátákó kí n lè mọ̀ pé ojú ìbọn ṣì tọ́, àgbọ̀nrín kan wá jáde, akọ ńlá, mo yìn ín, mo tàsé ẹ̀. Ó fò díẹ̀, ó dúró. Ẹ gbọ́ o, ó dúró ni! Mo di ọwọ́ bóòtì mú, kò gbéra, mo fi àtẹ́lẹwọ́ gbá a, kò gbéra, mo wá fi bàtà mi gbá a lórí ẹ̀gùn yẹn níbi tí ẹnu ìbọn kọjú sí ibi tí Ọlọ́run nìkan mọ̀, tí olùkọ́ tó kọ́ wa ní kọ́ọ̀sì ọdẹ bá rí mi lọ́jọ́ yẹn ì bá gba sátífíkéètì mi padà. Ẹran yẹn wò mí títí, ó sì rọra ń rìn lọ bí ìyàwó ojú ọ̀nà.

Ṣọ́ọ̀bù ńlá kan ni mo kọ́kọ́ gbé e lọ. Ọmọdékùnrin tó wà ní káńtà ò tiẹ̀ fọwọ́ kàn án, ó ní bóòtì ẹ̀ ti jẹ ni, pé kí n wá bóòtì mìíràn rà, tàbí kí n kúkú ra ìbọn tuntun, ó sì ti ń fi ìbọn tuntun hàn mí. Ẹ̀yìn ìgbà yẹn lẹ́nì kan júwe bàbá yìí fún mi.

Ohun tí bàbá kọ́kọ́ ṣe ni pé ó ṣí ìbọn, ó wonú ẹ̀, ó tún ki ìka bọ̀ ọ́ kó lè dá a lójú pé kò sí ọta níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ mo ti sọ fún un pé kò sí. Ó wá ń bi mí léèrè bíi dókítà. Tí kò bá sí nǹkan nínú ẹ̀, ṣé ó máa ń le? Mo ní rárá. Tó o bá yin ẹyọ kan péré ńkọ́, nígbà tí ìbọn ṣì tutù? Mo ní ó máa ń ṣí dáadáa. Ìgbà tó bá wá gbóná? Mo ní hẹn, ibẹ̀ gan-an ni. Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní a jẹ́ pé bóòtì ẹ ò ṣe nǹkan kan, tó bá jẹ́ bóòtì ni ì bá máa le láti òfìfo, inú ihò tí ọta ń jókòó sí ni ká lọ wò. Ó bi mí bóyá mo ní èèpo ọta tí mo ti yìn lọ́wọ́, mo wá nínú àpò jákẹ́ẹ̀tì mi, mo rí méjì. Ó gbé ọ̀kan sábẹ́ iná, ó ń yí i, ó ní kí n wá wò ó, mo sì rí i, nǹkan kan bí oje igi tó ti gbẹ lẹ̀ mọ́ ara ẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

Gírísì ayé àtijọ́ yẹn ni! Gbogbo ìgbà tí mò ń nu ìbọn yìí, ara ẹ̀ lóde ni mò ń nù tó ń dán gbinrin, mo máa ń fa àkísà gba inú ọ̀pá ẹ̀ kọjá pẹ̀lú Hoppe's No. 9, nǹkan olómi tí wọ́n fi ń fọ inú ìbọn (òórùn ẹ̀ ń dùn mọ́ mi, kí n má purọ́), àmọ́ ihò tí ọta ń jókòó sí fẹ̀ ju ọ̀pá lọ, àkísà kékeré yẹn ò kan ògiri ẹ̀ rárá. Tí ìbọn bá gbóná, gírísì tó kù síbẹ̀ á yọ́, á di bíi gọ́ọ̀mù, á di èèpo ọta mú. Àwọn kan máa ń sọ pé ọ̀dà tí wọ́n fi ń kun èèpo ọta onírin ló ń yọ́, bàbá ní ní tòun o, gírísì lòún máa ń bá níbẹ̀ lọ́pọ̀ ìgbà.

Ó kọ́ mi bí wọ́n ṣe ń tún un ṣe, kò fi pamọ́. Ó yọ bóòtì, kò lo sukudiráfà kankan, ó kàn fà á sẹ́yìn ó sì tẹ tìrígà, ó bọ́ sí i lọ́wọ́. Ó mú búrọ́ọ̀ṣì onídẹ tí wọ́n fi ń fọ ìbọn 20 gauge, irú èyí tí ọ̀pá ẹ̀ fẹ̀ ju ti Mosin lọ, ó so ó mọ́ ọ̀pá kúkúrú, ó fi ọ̀pá yẹn sẹ́nu dírílì, ó rì í sínú mineral spirits, irú èyí táwọn apẹ̀ntì fi ń fọ búrọ́ọ̀ṣì wọn, ó tì í bọ inú ihò, ó ń yí i jẹ́jẹ́. Àkísà àkọ́kọ́ tó fi nu ibẹ̀ jáde bí ìgbà tí wọ́n fi nu ìkòkò àmàlà. Ìkẹrin ló tó funfun. Ó tún tú bóòtì palẹ̀, ó fọ gírísì inú ẹ̀ dànù, ó fi nǹkan ìdánrin díẹ̀ pa ibi tí irin ti ń gun irin nígbà téèyàn bá ń gbé ọwọ́ sókè, díẹ̀ báyìí, ó ní wọ́n ti mú ojú irin yẹn le, ẹni tó bá fi fáìlì ha á ti bà á jẹ́. Àwọn ìka méjì tó wà níwájú bóòtì, tó ń de ìbọn pa, kò fọwọ́ kàn wọ́n, ó ní témi náà bá fọwọ́ kàn wọ́n nílé kí n má gbé ìbọn náà wá bá òun mọ́. Nígbà tó tò ó padà tán, ó fi irin pẹlẹbẹ kan tó ní ihò méjì tí wọ́n kọ 75 àti 95 sí wọn bí píìnì tó ń gbá ìdí ọta ṣe yọ síta tó, 75 ò gbọ́dọ̀ gbà á, 95 gbọ́dọ̀ gbà á.

Ibi tó ti bí mi nínú nìyí o. Ó ní ọjọ́ mẹ́ta, ọjọ́ 11 ló di, torí kò parí ẹ̀ lọ́jọ́ tí mò ń sọ yìí, nǹkan ìdánrin ẹ̀ ló tán. Bí mo bá pè é á ní lọ́la, lọ́la tiẹ̀ sì dà bíi ti télọ̀ tí ọdún Iléyá ku ọ̀la. Ó jẹ́ kí n pàdánù ọ̀sẹ̀ kan gbáko nínú àsìkò ọdẹ. Kò gba káàdì, kéèṣì nìkan, ajá ẹ̀ ò sì níwà rárá.

Àmọ́ mo ti yin ọta tó lé ní 40 lẹ́ẹ̀kan náà lẹ́yìn ìgbà yẹn, ó ṣí ní gbogbo ẹ̀. Kì í ṣe pé ó wá ń yọ̀ bí ọbẹ̀ ilá o, ọwọ́ Mosin kúrú, sípíríìnì tó sì ń tẹ̀ nígbà téèyàn bá ń gbé e sókè lágbára, ìbọn ológun ṣì ni. Ṣùgbọ́n òòlù rọ́bà yẹn ti wà ní gáréèjì.

Nǹkan kan tó sọ nígbà tí mo fẹ́ máa lọ ló pa mí lẹ́rìn-ín. Ó ní tí mo bá ń yin ọta ológun àtijọ́, iyọ̀ wà nínú nǹkan tí píìnì ń gbá nídìí ẹ̀, iyọ̀ yẹn ló ń jẹ irin, àti pé lálẹ́ ọjọ́ yẹn gan-an kí n kọ́kọ́ fi omi gbígbóná ṣan ọ̀pá ìbọn kí n tó fi epo kàn án. Omi gbígbóná! Ohun tí bàbá mi ń ṣe sí ṣakabùlà ẹ̀ nílé náà nìyẹn, kò jẹ́ gbé e kọ́ láìṣan ìdà ẹ̀tù jáde, èmi ni mo sì máa ń bá a gbé kẹ́tù omi. Mo wá dé Amẹ́ríkà mo ń fi òòlù lu ìbọn.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ lọ, ẹ kàn sí mi kí n júwe ẹ̀ fún yín. Ẹ kó èèpo ọta tẹ́ ẹ ti yìn dání, ẹ mú kéèṣì, ẹ sì lọ láti oṣù kẹjọ, kí lọ́la ẹ̀ tó bá àsìkò àgbọ̀nrín.