Okùn ọwọ́ Jocasta: bí mo ṣe rí fíìmù Night Journey

Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo ti wo Night Journey, fíìmù ijó Martha Graham, oníjó ará Amẹ́ríkà, lọ́sẹ̀ yìí. Lálẹ́ àkọ́kọ́, oorun ò kùn mí bọ̀rọ̀. Okùn ọwọ́ Jocasta ni mo ṣáà ń rí.

Ẹni tó bá ka eré Ola Rotimi níléèwé mọ ìtàn Oedipus: ọba tó pa bàbá rẹ̀, tó fi ìyá rẹ̀ ṣaya, tí kò sì mọ̀. Ọba yìí ni gbogbo wa máa ń káàánú. Ìyá, ìyẹn Jocasta, ni Martha Graham bá lọ ní tirẹ̀. Kí ijó tó bẹ̀rẹ̀, aṣírí ti tú. Jocasta ti di okùn tó fẹ́ fi gbẹ̀mí ara rẹ̀ mú. Gbogbo ohun tá a wá ń wò, ìrántí rẹ̀ ni.

Okùn yìí kan náà ló wé mọ́ tọkọtaya lórí ibùsùn. Mo kọ́kọ́ rò pé okùn ìfẹ́ ni. Ìgbà tí mo wò ó lẹ́ẹ̀kejì ni mo rí i pé ìwọ́ ọmọ ni! Ara mi bù máṣọ. Tiresias, afọ́jú aríran tí Paul Taylor jó, fi ọ̀pá rẹ̀ kan okùn náà, wọ́n lulẹ̀.

Láti ikùn ni ijó Graham ti ń jáde. Ara á súnkì lójijì bí ara ẹni tí ìrọbí mú, á sì tú sílẹ̀.

Ọdún 1947 ló kọ́kọ́ gbé ijó náà kalẹ̀. Fíìmù tí Alexander Hammid darí jáde ní 1961. Ọdún 1894 ni wọ́n bí Graham, tó jó Jocasta fúnra rẹ̀, ẹ bá mi ṣírò. Bertram Ross tó jó Oedipus sì kéré sí i ní ohun tó lé ní ogún ọdún. Àwọn kan á ní ó ti dàgbà jù. Èmi ò gbà. Kámẹ́rà sún mọ́ wọn, ojú tọkọtaya wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, ojú ìyá àti ọmọ ni mo sì rí, nígbà tí àwọn fúnra wọn ò tíì mọ̀.

Àwọn obìnrin elégbè nìkan ló dùn mí. Ó wù mí kí n máa rí wọn látàrí dé àtẹ́lẹsẹ̀, àmọ́ bí kámẹ́rà bá ti lọ bá Jocasta, wọ́n di ẹni ẹ̀yìn.

Fíìmù náà kò tó ọgbọ̀n ìṣẹ́jú. Inú àkójọ Criterion, iléeṣẹ́ tó ń ta fíìmù, ló wà, pẹ̀lú fíìmù Graham mìíràn, A Dancer's World. Ìyẹn ni kí ẹ kọ́kọ́ wò: Graham jókòó síwájú dígí, ó ń múra láti di Jocasta, ó sì ń sọ ohun tí ijó jẹ́ fún un.