60 Minutes: ogun àti gbajúmọ̀ nínú wákàtí kan ṣoṣo

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Àìkú, tá a bá ti ti ṣọ́ọ̀ṣì dé tá a sì jẹun tán, ẹnikẹ́ni kì í yí tẹlifíṣọ̀n kúrò lórí CBS nílé wa ní Houston. Aago mẹ́fà ni ètò ìròyìn 60 Minutes ń bẹ̀rẹ̀ lọ́dọ̀ wa. Bí aago rẹ̀ bá ti ń dún kẹ́-kẹ́-kẹ́, ọmọ mi ti mọ̀ pé kóun panu mọ́.

Ọdún 1968 ni Don Hewitt dá ètò yìí sílẹ̀. Ìròyìn mẹ́ta ló sábà máa ń wà nínú rẹ̀. Ẹ lè bá ogun pàdé nínú àkọ́kọ́, kẹ́ ẹ wá bá olórin pàdé nínú ìkẹta. Ọ̀rẹ́ mi kan ní ìyẹn ò bójú mu, pé báwo lèèyàn ṣe ń ti ibi òkú bọ́ síbi ijó. Mi ò bá a gbà, Ed Bradley, akọ̀ròyìn ètò náà, ló sì fà á.

Àfọ́kù bọ́ǹbù ṣe Bradley léṣe ní Cambodia lọ́dún 1973, níbi tó ti ń ròyìn ogun. Òun kan náà ló jókòó ti Lena Horne, olórin àti òṣèré aláwọ̀ dúdú ará Amẹ́ríkà, tó fọ̀rọ̀ wá a lẹ́nu wò ní 1981. Mo ti wo ìfọ̀rọ̀wánilẹ́nuwò náà tó ẹ̀ẹ̀mẹrin. Bradley ò kánjú rárá. Ìyá náà ń sọ ohun tójú rẹ̀ rí ní Hollywood, òun ń tẹ́tí. Nígbà ayé Bradley, ó máa ń sọ pé bí Pétérù mímọ́ bá bi òun lẹ́nu ọ̀nà ọ̀run pé kí lòun ṣe tóun fi yẹ lẹ́ni tó ń wọlé, òun á bi í bóyá ó wo ti Lena Horne. Bẹ́ẹ̀ Lena yìí ló kọ̀ láti kọrin fáwọn sójà nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, torí wọ́n fi àwọn sójà Jámánì tí wọ́n mú lójú ogun jókòó síwájú, wọ́n ti àwọn sójà aláwọ̀ dúdú sẹ́yìn. Ibo wá ni ogun parí sí tí orin fi bẹ̀rẹ̀?

Nínú ìròyìn ogun, mi ò lè gbàgbé èyí tí Scott Pelley, akọ̀ròyìn 60 Minutes mìíràn, ṣe ní oṣù Kẹrin 2015, nípa gáàsì olóró tó ń jẹ́ sarin tí wọ́n tú sí Ghouta, lẹ́bàá Damascus ní Síríà, ní 2013. Mo ní kọ́mọ mi wọ yàrá lọ. Àwọn ọmọdé ń mí gúlegúle, itọ́ ń hó lẹ́nu wọn, kò sì sí ojú ọgbẹ́ lára wọn. Ìjọba Amẹ́ríkà ní àwọn tó kú lé ní 1,400. Mi ò lè jẹun alẹ́ ọjọ́ náà.

Ibi tó ti kù díẹ̀ káàtó ni ìgbà tí wọ́n bá gbé òṣèré tí fíìmù rẹ̀ fẹ́ jáde wá, tí ìbéèrè á rọ̀ bí ẹ̀kọ. Ẹni tó bá ti gbọ́ bí Bradley ṣe ń béèrè ọ̀rọ̀, irú ìyẹn kì í tó o. Bẹ́ ẹ bá ń wá ibi tẹ́ ẹ ti máa bẹ̀rẹ̀, ẹ wá ti Lena Horne.