Nosifer: fọ́ǹtì tí ẹ̀jẹ̀ ń kán lára rẹ̀

Ìwé ìtàn iwin kan tí mo ń ṣe èèpo ẹ̀yìn rẹ̀ ló gbé mi dé ìdí Nosifer, fọ́ǹtì (ìyẹn, ọnà lẹ́tà orí kọ̀ǹpútà) kan. Ẹni tó kọ ọ́ ní òun fẹ́ kí ẹ̀rù ti ba òǹkàwé láti ara èèpo ẹ̀yìn. Mo gba fọ́ǹtì náà lọ́fẹ̀ẹ́ lórí Google Fonts, ìkànnì fọ́ǹtì ti Google. Ìwé àṣẹ rẹ̀, SIL Open Font License, gbà kí n fi ṣe iṣẹ́ tí wọn yóò tà, ó sì gbà kí n tún lẹ́tà rẹ̀ yà. Fọ́ǹtì náà fúnra rẹ̀ nìkan ni n kò gbọdọ̀ dá tà.

Lẹ́tà rẹ̀ ki, ó fẹ̀, ẹ̀jẹ̀ sì ń ro wálẹ̀ lára rẹ̀. Ọ̀rọ̀ mẹ́ta péré ni àkọlé mi, kò gba orí ìlà kan. Mo dín in kù, ẹ̀jẹ̀ wá dà bí ìgbà tí yíǹkì bá tàn sórí bébà. Mo pín in sí ìlà méjì, ẹ̀jẹ̀ tòkè ń kán lé tìsàlẹ̀ lórí, àfi ìgbà tí mo fi àyè gidi sáàárín wọn. Pupa lórí dúdú dára lójú kọ̀ǹpútà. Lórí bébà, ṣe ló rì. Funfun tó pọ́n díẹ̀ ni mo padà lò.

Ọ̀rọ̀ àmì ìsàlẹ̀ ló dùn mí jù. Ibi tí ẹ̀jẹ̀ ń kán sí gan-an ni àmì ẹ, ọ àti ṣ ń jókòó sí. “Ọkọ Inú Igbó” ni àkọlé wa. Mo fi han ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, wọ́n ní, “Oko inú igbó? Kí ló wá ń bani lẹ́rù nínú oko?” Ọkọ ti di oko! Mo sọ lẹ́tà náà di àwòrán, mo gé ẹ̀jẹ̀ abẹ́ Ọ méjèèjì kúrú, mo sì ya àmì roboto síbẹ̀. Ibẹ̀ náà ni mo ti tún ẹ̀jẹ̀ O kẹta yà, torí bí lẹ́tà kan bá ń kán síbi kan náà lẹ́ẹ̀mẹ́ta, ojú á rí i pé ẹ̀rọ ló ṣe é.

Fún ìtàn ẹ̀jẹ̀, màá tún lò ó. Fún eré ọmọdé, Creepster, fọ́ǹtì adẹ́rùbani mìíràn, ni màá mú. Ojú rẹ̀ kò le tó bẹ́ẹ̀. Èyíkéyìí tí ẹ bá mú, ẹ tẹ̀ ẹ́ sórí bébà ní ìwọ̀n tó máa bá jáde, kí ẹ sì ní kí ẹni tí kò tíì gbọ́ àkọlé náà rí kà á sókè.