Àwo Cicely Tyson tó há níbi tí kò yẹ kó há

Ọjọ́ mẹ́sàn-án lẹ́yìn tí mo ra àwo fíìmù méjì ní dọ́là 18, mo dá ọ̀kan nínú wọn padà sí ṣọ́ọ̀bù tó ń ta fíìmù àlòkù níbí ní Houston. Inú ń bí mi débi pé mi ò rántí kí ọmọkùnrin tó wà ní kàńtà.

Ìyá mi ló wá láti Ìbàdàn wá bá mi wẹ ọmọ. Lálẹ́ ọjọ́ kan, à ń wo How to Get Away with Murder, eré tẹlifíṣọ̀n kan, ibi tí Ophelia ti ń ya irun Annalise ọmọ rẹ̀. Mọ́mì gbé abọ́ sílẹ̀. "Ìyá yìí mọ irun ọmọ í yà. Ta ni?" Mo ní Cicely Tyson ni, Harlem ni wọ́n bí i sí ní 1924, iṣẹ́ táípíìsì ló ń ṣe kó tó di òṣèré, àti pé ọjọ́ tó ní òun fẹ́ máa ṣeré ni ìyá rẹ̀ lé e jáde nílé. Mọ́mì mi orí. "Àwa náà kọ́? Ṣebí alágbe là ń pè wọ́n." Bí mo ṣe lọ ra àwo nìyẹn.

Sounder (1972) la kọ́kọ́ wò. Èyí ò há rárá. Wọ́n ti kó ọkọ obìnrin tí Cicely ṣe lọ sẹ́wọ̀n torí ẹran tó jí káwọn ọmọ lè jẹun. Ọjọ́ tó padà, ìyàwó rí i lọ́ọ̀ọ́kán, ló bá ki eré mọ́lẹ̀, ó na apá síwájú, ó ń pariwo orúkọ ọkọ rẹ̀. Mọ́mì sunkún. Nígbà tí Cicely ń polówó fíìmù yẹn kiri, oníròyìn òyìnbó kan sọ fún un pé ara òun ò gbà á bí ọmọ aláwọ̀ dúdú inú fíìmù náà ṣe ń pe bàbá rẹ̀ ní Dádì, bí ọmọ òun náà ṣe ń pe òun. Látọjọ́ náà ló ti pinnu pé òun ò ní gba ipa tó bá ń tàbùkù àwọn èèyàn òun, kódà bí iṣẹ́ bá wọ́n. Wọ́n yàn án mọ́ àwọn tó ń du àmì ẹ̀yẹ Oscar fún Sounder, wọn ò fún un. Ìgbà tó di ẹni ọdún 93, ní 2018, ni wọ́n tó wá fi ti ìdálọ́lá kan án lọ́wọ́. Ó ṣì ń dùn mí.

Ọ̀rọ̀ The Autobiography of Miss Jane Pittman (1974) ló wá gbé mi dé kàńtà. Cicely ló ṣe Jane, obìnrin aláwọ̀ dúdú tí wọ́n bí sínú oko ẹrú, láti ẹni ọdún 23 títí dé 110, ó sì gba àmì ẹ̀yẹ Emmy ti tẹlifíṣọ̀n méjì. Ní ìparí, Jane arúgbó rọra ń tẹ̀pá lọ síbi ẹ̀rọ omi tí wọ́n kọ sí pé òyìnbó nìkan ló gbọ́dọ̀ mu ún. Ó gbé ẹsẹ̀ kan, ó gbé èkejì. Àwo há. Àwòrán fọ́ wẹ́wẹ́, ó di aláwọ̀ ewé, gbogbo rẹ̀ ṣókùnkùn.

Ọmọkùnrin yìí gba àwo, ó fi etí ẹ̀wù rẹ̀ nù ún yíká-yíká. Èèyàn kì í nu àwo yíká. Láti àárín lọ sí etí ni, torí bó bá họ yíká, ẹ̀rọ lè má lè kà á mọ́. Ó ní àwọn yẹ̀ ẹ́ wò káwọn tó tà á. Báwo? Ìṣẹ́jú márùn-ún àkọ́kọ́. Fíìmù tó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó wákàtí méjì! Ó wo rìsíìtì, ó ní ọjọ́ méje àwọn ti kọjá, dọ́là mẹ́rin lòun lè yọ fún mi, ọjà ni màá sì fi rà. Ó wá kọjú sí Mọ́mì, ó ní ìṣẹ́jú díẹ̀ ló kù kó parí, kí ni wọ́n tiẹ̀ fẹ́ wò níbẹ̀? Mọ́mì ò fèsì. Ó kàn tún ọ̀já ọmọ so.

Ìyá kan, aláwọ̀ dúdú, tó ti hewú, ló jáde láti ẹ̀yìn. Ó gbé àwo sábẹ́ iná, ó béèrè ibi tó ti há. Mo ní níbi tó ti ń lọ mu omi. Ó gbé ọwọ́ lé àyà. Ó ní ọmọdé lòun lóṣù January 1974 tí wọ́n fi í hàn lórí tẹlifíṣọ̀n, àti pé látìgbà tí Jane ti bẹ̀rẹ̀ sí í rìn ni ìyá àgbà òun ti dìde dúró, kò jókòó títí Jane fi mu omi náà.

Ó wọlé padà. Ó pẹ́. Ó gbé òmíràn wá, ó fi í sínú ẹ̀rọ tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ kàńtà, ó sún un lọ síbẹ̀ tààrà. Ó ní òun ò ní jẹ́ ká gbé e lọ láìjẹ́ pé a rí i dópin. Àwọn oníbàárà méjì dáwọ́ ohun tí wọ́n ń ṣe dúró. Jane ń bọ̀, ọ̀pá rẹ̀ ń gbọ̀n, àwọn ọlọ́pàá ń wò ó, kò sẹ́ni tó fọhùn. Ó dé ìdí ẹ̀rọ. Ó tẹ̀ ba.

"Ó mu ún!" Mọ́mì ló pariwo bẹ́ẹ̀, pẹ̀lú ọmọ lẹ́yìn. Ìyá náà di ọwọ́ rẹ̀ mú. Kò gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ wa.

Ìràwọ̀ méjì nínú márùn-ún ni mo fún ṣọ́ọ̀bù náà. Ọmọkùnrin yẹn wà níbẹ̀ títí a fi jáde, kò bẹ ìyá mi.