Ṣọ́ọ̀bù atẹ̀wé tó gé ọwọ́jà erin mi

Okun o, ẹ̀yin ará ilé. Bí ẹ bá fẹ́ tẹ fọ́tò ńlá ní Kàbbà, ṣọ́ọ̀bù kékeré kan wà nítòsí ibùdókọ̀ tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀.

Èmi ni mò ń tọ́jú yàrá ìkàwé ilé ẹ̀kọ́ kan ní Mọ̀pà. Ó ti tó oṣù mẹ́ta tí àwọn olùkọ́ àti ẹgbẹ́ ìlú tó ra ìwé fún wa ti ń fa kọ́kọ́rọ́ mọ́ ara wọn lọ́wọ́. Ni mo bá rántí Malatestiana, ilé ìkàwé kan ní ìlú Cesena, ní Ítálì. Malatesta Novello, olúwa ìlú náà, ló kọ́ ọ sí ọ̀dọ̀ àwọn fráyà Franciscan, àwọn ajẹ́jẹ̀ẹ́ ìjọ Kátólíìkì. Ilé parí ní 1452, wọ́n gbé ilẹ̀kùn onígi fífín sí i ní 1454. Kọ́kọ́rọ́ méjì ló ń ṣí ilẹ̀kùn yẹn: ọ̀kan lọ́wọ́ àwọn fráyà, ọ̀kan lọ́wọ́ ìlú. Kò sí ẹni tó lè dá a ṣí. Ìwé àfọwọ́kọ 343 ló wà níbẹ̀, ẹ̀wọ̀n irin ni wọ́n fi so wọ́n mọ́ tábìlì 58. Wọ́n ṣì wà níbẹ̀ dòní.

Fọ́tò ẹnu ọ̀nà náà àti ti àwọn tábìlì ni mo gbé lọ sí ṣọ́ọ̀bù yẹn. Wọ́n fín erin sókè ẹnu ọ̀nà ọ̀hún, wọ́n sì kọ ọ́ ní èdè Látìnì pé erin Íńdíà kì í bẹ̀rù ẹ̀fọn. (Kò tíì sùn ní Mọ̀pà lóṣù kẹfà ni.)

Pépà jáde, erin ò ní ọwọ́jà. Mo ní fún ọmọ tó ń bá mi tẹ̀ ẹ́, "Ọmọ mi, ọwọ́ ẹ̀ dà?" Ó ní, "Ẹ má bínú, Mà, mo rò pé àbàwọ́n ara òkúta ni." Ó tún un tẹ̀, kò gba kọ́bọ̀ lé e. Ti ẹlẹ́ẹ̀kejì yìí mọ́ dáadáa. Nínú fọ́tò àwọn tábìlì, mo lè fi ìka ka ojú ẹ̀wọ̀n níkọ̀ọ̀kan, bó ṣe rọ̀ láti ara èèpo ìwé.

Ẹgbẹ̀rún mẹ́rin náírà ni méjèèjì, láminéètì ti wà nínú rẹ̀. Ohun tó bí mi nínú ni wákàtí méjì tí mo fi dúró nítorí jẹnẹrétọ̀, àga kan ṣoṣo tó wà, ọ̀gá ló jókòó lé e.

Fọ́tò ti wà lára ògiri wa báyìí. Àwọn olùkọ́ àti ẹgbẹ́ ìlú ti gbà pé kí káfíńtà wá fi kọ́kọ́rọ́ kejì sí ilẹ̀kùn yàrá ìkàwé. Ẹni tí yóò sanwó káfíńtà ni wọ́n ń bá ara wọn jà lé lórí.